“Òdìkejì Kí Ni?”: Ẹ̀kọ́ Kékeré Lórí Ọ̀rọ̀ Àpọ́nlé Náà “Contralaterally”

Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni mo fẹ́ kí a jọ yẹ̀ wò lónìí. Ọ̀rọ̀ àpọ́nlé ni ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, inú ìwé àwọn onímọ̀ ọpọlọ ló sì pọ̀ sí jù. Òun ni “contralaterally”. Mo mọ̀ pé ẹlòmíràn á bèèrè pé kí ló kan akẹ́kọ̀ọ́ ìmọ̀ ẹ̀dá èdè nínú ọ̀rọ̀ àwọn dókítà. Bí èmi náà ṣe rò nìyẹn, títí di ọjọ́ tí mo túmọ̀ rẹ̀ lódì, tí ìtumọ̀ náà sì fẹ́rẹ̀ẹ́ gbé bàbá mi kúrò lórí ibùsùn ìtọ́jú.

Ohun tó ṣẹlẹ̀

Mo wà ní ìpele kejì nígbà náà. Bàbá mi jí ní ìdájí ọjọ́ kan, apá ọ̀tún àti ẹsẹ̀ ọ̀tún wọn kò gbé mọ́. Ẹnu wọn wọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan. Wọ́n ń gbìyànjú láti sọ̀rọ̀, ọ̀rọ̀ kò jáde. Kí ilẹ̀ tó mọ́ tán, a ti gbé wọn dé ilé ìwòsàn. Wọ́n ya àwòrán inú orí wọn, wọ́n sì fún wa ní èsì. Ohun tó wà nínú èsì náà ni pé ẹ̀jẹ̀ kò dé ibì kan nínú ọpọlọ ní apá òsì, àti pé àìlera ọwọ́ àti ẹsẹ̀ náà hàn “contralaterally”.

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi, tí gbogbo wa ń pè ní Bàbá Àgbà, na ìwé náà sí mi. Wọ́n ní, “Ìwọ lo ń kọ́ nípa èdè ní yunifásítì. Kí ni wọ́n kọ síbẹ̀?”

Ojú tì mí láti sọ pé n kò mọ̀ ọ́n. Mo fọ́ ọ̀rọ̀ náà sí wẹ́wẹ́ bí wọ́n ṣe kọ́ wa ní kíláàsì. Mo mọ “contra”: ìlòdì ni. Mo dúró síbẹ̀, n kò yẹ ìyókù wò. Mo ní, “Wọ́n ní àìsàn náà ń ṣe wọ́n lódìlódì ni, sà.”

Gbogbo wọn pa rọ́rọ́. Àbúrò bàbá mi obìnrin ló kọ́kọ́ lanu. Wọ́n ní, “Lódìlódì? Ta ni bùọ̀dá mi ṣẹ̀?” Bàbá Àgbà mú àwòrán inú orí náà, wọ́n gbé e sókè sí ojú fèrèsé kí ìmọ́lẹ̀ lè gbà á kọjá. Ibi tó dúdú jù nínú rẹ̀ wà ní apá ọ̀tún àwòrán náà. Wọ́n ní, “Ìwé ní òsì, fọ́tò ní ọ̀tún, ọwọ́ tí kò ṣiṣẹ́, ọ̀tún. Àwọn wọ̀nyí kò mọ ohun tí wọ́n ń ṣe. Ẹ jẹ́ ká gbé e kúrò níbí.” Kò pẹ́ tí ọkọ̀ fi dúró sí ìta, tí ìyá mi sì ń di ẹrù.

Ọ̀dọ́mọbìnrin dókítà kan ló bá wa lẹ́nu ẹrù dídì. Kò bínú. Ó kúnlẹ̀ díẹ̀ kí àwọn àgbà, ó sì bèèrè ohun tó dé. Nígbà tí mo sọ ìtumọ̀ tí mo ṣe fún un, ó ní, “Kì í ṣe lódìlódì. Ní òdìkejì ni. Ó wá yẹ kí o bi ara rẹ pé, òdìkejì kí ni?” Ó ṣàlàyé ohun tí mo fẹ́ ṣàlàyé fún yín nísàlẹ̀ yìí. Nígbà tó parí, ìyá mi tú ẹrù tí wọ́n dì. Ọkọ̀ náà gbé èrò mìíràn lọ.

Láti ọjọ́ náà ni ìbéèrè dókítà yìí ti wà lọ́kàn mi. Mo ti ka ohun púpọ̀ nípa ọ̀rọ̀ náà láti ìgbà náà, ohun tí mo sì rí kò ju ìbéèrè yẹn lọ. “Contralaterally” kò ní ìtumọ̀ kankan títí a ó fi mọ ohun tí a fi ń wọn òdìkejì náà.

Fífọ́ ọ̀rọ̀ náà sí wẹ́wẹ́

Ẹ jẹ́ kí a ṣe iṣẹ́ tí n kò ṣe tán lọ́jọ́ náà. Mọ́fíìmù mẹ́rin ló wà nínú ọ̀rọ̀ yìí. “Contra” wá láti inú èdè Látìn, ó túmọ̀ sí “lòdì sí” tàbí “dojú kọ”. “Later-” wá láti inú “latus”, tó túmọ̀ sí “ẹ̀gbẹ́” tàbí “ìhà ara”. “-al” sọ ọ́ di ọ̀rọ̀ àpèjúwe. “-ly” sọ ọ́ di ọ̀rọ̀ àpọ́nlé. Bí a bá kó wọn pọ̀, ohun tí a ní ni “ní ẹ̀gbẹ́ tó dojú kọ ẹ̀gbẹ́ kan”. Ọ̀rọ̀ ibi tí nǹkan wà ni. Kò sí ọ̀tá nínú rẹ̀, kò sì sí ìjà.

Ọ̀rọ̀ yìí ní ẹbí, ó sì dára kí a mọ̀ wọ́n pọ̀:

“Ipsilaterally”: “ipse” ní èdè Látìn ni “òun gan-an”. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni “ní ẹ̀gbẹ́ kan náà”.

“Bilaterally”: “bi-” ni méjì. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni “ní ẹ̀gbẹ́ méjèèjì”.

“Unilaterally”: “unus” ni ọ̀kan. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni “ní ẹ̀gbẹ́ kan ṣoṣo”.

Ẹ wo ìyàtọ̀ tó wà láàárín wọn dáadáa. Méjì tó gbẹ̀yìn wọ̀nyí ń ka iye ni: ẹ̀gbẹ́ kan, ẹ̀gbẹ́ méjì. Ẹni tó bá gbọ́ pé ojú méjèèjì ló pọ́n kò ní bèèrè ohunkóhun mọ́. Ṣùgbọ́n “contralaterally” àti “ipsilaterally” kò ka iye. Fífi wé ni tiwọn. Ẹ̀gbẹ́ kan náà pẹ̀lú kí ni? Òdìkejì kí ni? Bí a kò bá dáhùn ìbéèrè náà, gbólóhùn wa kò tíì pé.

A mọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ dáadáa nínú ayé wa. Bí kọ̀ńdọ́kítọ̀ bá sọ fún yín pé kí ẹ wọ ọkọ̀ ní òdìkejì, ẹ ó kọ́kọ́ wo ibi tí ẹ dúró sí. Òdìkejì títì fún ẹni tó ń bọ̀ láti ọjà ni ẹ̀gbẹ́ kan náà fún ẹni tó ń lọ sí ọjà. Ẹ fi èyí wé “fíofío”, ọ̀rọ̀ àpọ́nlé tí olùkọ́ máa ń fi ṣe àpẹẹrẹ fún wa. Bí igi bá ga fíofío, ó ga fíofío náà ni, ibi yòówù kí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ dúró sí.

Ìdí tí àwọn onímọ̀ ọpọlọ fi nílò rẹ̀

Ọpọlọ wa pín sí ìlàjì méjì, òsì àti ọ̀tún. Okùn iṣan tín-ín-rín tí ń gbé àṣẹ “gbé ọwọ́” tàbí “gbé ẹsẹ̀” máa ń bẹ̀rẹ̀ láti èèpo ọpọlọ. Wọ́n á sọ̀ kalẹ̀ gba ìdí ọpọlọ lọ sínú ọ̀pá ẹ̀yìn. Ní ìsàlẹ̀ ìdí ọpọlọ, níbi tó ti fẹ́ kan ọ̀pá ẹ̀yìn, ni ọ̀pọ̀ wọn ti ń pààrọ̀ ẹ̀gbẹ́. Nǹkan bíi 85 sí 90 nínú 100 okùn wọ̀nyí ló ń kọjá sí òdìkejì níbẹ̀. Ìyókù ń sọ̀ kalẹ̀ ní ẹ̀gbẹ́ tí wọ́n ti wá. Nítorí náà, ìlàjì òsì ọpọlọ ló ń pàṣẹ fún ọwọ́ ọ̀tún, ìlàjì ọ̀tún ló sì ń pàṣẹ fún ọwọ́ òsì.

Dókítà yẹn fi ara rẹ̀ ṣe àpẹẹrẹ fún wa. Ó ká apá rẹ̀ méjèèjì lé àyà, ọwọ́ ọ̀tún lé èjìká òsì, ọwọ́ òsì lé èjìká ọ̀tún. Ó ní, “Bí ẹnì kan bá fọwọ́ kan èjìká mi òsì, ọwọ́ ọ̀tún mi ló kọ́kọ́ bá. Bí ọ̀nà ọpọlọ àti ara ṣe rí nìyẹn.” Bàbá Àgbà náà ká apá tiwọn lé àyà, wọ́n wò ó títí, wọ́n ní, “Ó yé mi.”

Kì í ṣe òní ni àwọn ènìyàn ti ṣàkíyèsí èyí. Nínú àwọn ìwé ìṣègùn tí wọ́n fi orúkọ Hippocrates pè ní ilẹ̀ Gíríìsì, ní nǹkan bí 2,400 ọdún sẹ́yìn, wọ́n ti kọ ọ́ pé bí ọgbẹ́ bá wà ní ẹ̀gbẹ́ kan orí, gìrì máa ń mú òdìkejì ara. Aretaeus ará Kapadókíà wá sọ lẹ́yìn náà pé àwọn okùn iṣan tó ti orí wá ń kọjá ara wọn bíi lẹ́tà X. Ní 1709, Domenico Mistichelli, dókítà ará Ítálì, tẹ ìwé kan jáde nípa àrùn rọpárọsẹ̀ níbi tó ti ṣàpèjúwe ìkọjá náà ní ìdí ọpọlọ. Ní ọdún tó tẹ̀lé e, 1710, François Pourfour du Petit, oníṣẹ́ abẹ fún àwọn ọmọ ogun Faransé, ṣàlàyé rẹ̀ kúnnákúnná jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní 1870, Gustav Fritsch àti Eduard Hitzig ní Jámánì fi iná mànàmáná díẹ̀ kan èèpo ọpọlọ ajá. Ẹsẹ̀ ajá náà ní òdìkejì ibi tí wọ́n fi iná kàn sì mira.

Ẹ rí i pé fún ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún, gbólóhùn gígùn ni wọ́n ń lò: “ẹ̀gbẹ́ ara tó dojú kọ ẹ̀gbẹ́ orí tó bàjẹ́”. Ọ̀rọ̀ àpọ́nlé kan ṣoṣo ni àwọn onímọ̀ fi dípò gbogbo rẹ̀. Ó dín wàhálà kù fún ẹni tó ń kọ̀wé. Ṣùgbọ́n ohun tí gbólóhùn gígùn náà ń sọ síta, ìyẹn ibi tí a ti ń wọ̀n ọ́n, ọ̀rọ̀ kúkurú náà gbé e pamọ́. Ohun tó mú èmi nìyẹn.

Ohun tó dàrú lójú Bàbá Àgbà

N kò lè fi ọ̀rọ̀ fọ́tò náà sílẹ̀ láìṣàlàyé, nítorí kì í ṣe àṣìṣe dókítà rárá. Wọ́n máa ń to àwòrán inú orí bí ẹni pé aláìsàn dùbúlẹ̀ sí ẹ̀yìn rẹ̀, tí àwa sì dúró síbi àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ tí a ń wo orí rẹ̀. Bí a bá dúró bẹ́ẹ̀, òsì rẹ̀ á bọ́ sí ọ̀tún wa. Bákan náà ló rí bí ẹnì kan bá dojú kọ wá láti kí wa: ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ wà níwájú ọwọ́ òsì wa. Nítorí náà, dúdú tí Bàbá Àgbà rí ní ọ̀tún àwòrán, ní òsì orí bàbá mi ló wà. Ìwé àti fọ́tò kò ta ko ara wọn.

Ẹ rí i pé ẹ̀kọ́ kan náà ni. “Ọ̀tún” pàápàá nílò ẹni tó ni ín. Nínú ìmọ̀ ìṣègùn, ọ̀tún aláìsàn ni wọ́n ń sọ nígbà gbogbo, kì í ṣe ọ̀tún ẹni tó ń wò ó.

Ibi tí òfin náà kò dé

Akẹ́kọ̀ọ́ tó bá gbọ́ ohun tí mo sọ lókè yìí lè rò pé gbogbo nǹkan nínú ara ló wà ní òdìkejì. Kò rí bẹ́ẹ̀, ìdí sì nìyẹn tí ọ̀rọ̀ àpọ́nlé náà fi wúlò. Bó bá jẹ́ pé òdìkejì ni gbogbo rẹ̀, kò sí ẹni tí ìbá máa kọ ọ́.

Ọpọlọ kékeré tó wà lẹ́yìn orí, tí wọ́n ń pè ní cerebellum, ń ṣiṣẹ́ “ipsilaterally”. Òun ló ń bá wa tọ́ ìrìn àti ìfọwọ́mú wa sọ́nà kí a má ta gọ̀ọ́gọ̀ọ́. Bó bá bàjẹ́ ní òsì, ọwọ́ àti ẹsẹ̀ òsì ni kò ní dúró ṣinṣin. Ìdí rẹ̀ ni pé iṣẹ́ rẹ̀ ń kọjá lẹ́ẹ̀mejì: ó kọjá sí òdìkejì láti bá ọpọlọ ńlá sọ̀rọ̀, àṣẹ ọpọlọ ńlá sì tún kọjá padà. Ẹni tó sọdá odò lẹ́ẹ̀mejì ti padà sí ibi tó ti kúrò.

Ojú tún jẹ́ ọ̀rọ̀ mìíràn. Okùn tó ti ìdajì ẹyinjú tó sún mọ́ imú wá ń kọjá sí òdìkejì. Èyí tó ti ìdajì tó sún mọ́ etí wá kì í kọjá. Kì í ṣe pé ojú òsì ń bá ọpọlọ ọ̀tún ṣiṣẹ́. Ohun tó wà ní apá òsì wa, tí ojú méjèèjì jọ ń rí, ni ọpọlọ ọ̀tún ń gbà.

Ìwájú orí náà yàtọ̀. Iṣan tó ń gbé ìpéǹpéjú sókè ń gba àṣẹ láti ìlàjì ọpọlọ méjèèjì, ti ìsàlẹ̀ ojú sì ń gba èyí tó pọ̀ jù láti òdìkejì. Mo rántí pé dókítà ní kí bàbá mi gbé ìpéǹpéjú sókè, méjèèjì sì gbéra, bẹ́ẹ̀ ẹnu wọn ṣì wọ́.

Ọ̀rọ̀ sísọ kò sí lábẹ́ òfin yìí rárá. Ní 1861, Paul Broca ṣàpèjúwe ọkùnrin kan ní Paris tí ohun tó lè sọ kò ju “tan” lọ. Nígbà tí ọkùnrin náà kú, Broca rí i pé ìwájú ọpọlọ rẹ̀ ní òsì ló ti bàjẹ́. Ní 1865, ó sọ ọ́ gbangba pé òsì ni ìdí ọ̀rọ̀ sísọ wà fún ọ̀pọ̀ ènìyàn. Ẹnu wà láàárín ojú, kò ní òdìkejì. Bí ọ̀rọ̀ bàbá mi ṣe sọnù pẹ̀lú ọwọ́ ọ̀tún nìyẹn: ibì kan náà ní òsì ló fa méjèèjì, ṣùgbọ́n ọwọ́ nìkan ni a lè sọ pé ó kan “contralaterally”.

Ọ̀pá ẹ̀yìn ló sì le jù lọ. Charles-Édouard Brown-Séquard, tí wọ́n bí ní erékùṣù Mauritius ní 1817, ṣe ìwádìí lórí ohun tí ń ṣẹlẹ̀ bí wọ́n bá gé ìdajì ọ̀pá ẹ̀yìn. Nísàlẹ̀ ibi tí wọ́n gé, agbára láti mira sọnù ní ẹ̀gbẹ́ kan náà, ṣùgbọ́n ìmọ̀lára ìrora, ooru àti òtútù sọnù ní òdìkejì. Ọgbẹ́ kan, gbólóhùn kan, ọ̀rọ̀ àpọ́nlé méjèèjì. Ìdí ni pé okùn tó ń gbé ìrora kì í dúró di ìdí ọpọlọ kó tó kọjá. Inú ọ̀pá ẹ̀yìn níbi tó ti wọlé ló ti ń kọjá. Okùn tó ń gbé àṣẹ wá láti òkè ti kọjá tirẹ̀ kó tó dé ibẹ̀.

Bí wọ́n ṣe ń lò ó nínú gbólóhùn

Nínú àwọn ìwé tí mo kà, ibi mẹ́ta ni wọ́n ti sábà máa ń wọn òdìkejì náà. Bí ẹ bá mọ àwọn mẹ́ta yìí, ẹ ó lè ka èyí tó pọ̀ jù nínú wọn.

Èkíní, ibi tí okùn iṣan ti bẹ̀rẹ̀. Bí ìwé bá sọ pé okùn kan nà dé ibì kan “contralaterally”, òdìkejì ibi tí okùn náà ti hù jáde ni wọ́n ń sọ. Ọ̀rọ̀ ìrísí ara nìyẹn.

Èkejì, ibi tó bàjẹ́. Bí ìwé bá sọ pé àìlera hàn “contralaterally”, òdìkejì ibi tí ẹ̀jẹ̀ kò dé, tàbí tí kókó hù sí, ni wọ́n ń sọ. Èyí ló wà nínú èsì àyẹ̀wò bàbá mi.

Ẹ̀kẹta, ibi tí wọ́n fọwọ́ kàn. Nínú ìwádìí, wọ́n lè fi iná kékeré kan ọwọ́ ẹnì kan, kí wọ́n sì wo ọpọlọ rẹ̀ “contralaterally”. Òdìkejì ọwọ́ tí wọ́n kàn ni wọ́n ń sọ.

Ìṣòro máa ń dé nígbà tí gbólóhùn kan bá ní ju ibì kan lọ. Ká ní wọ́n ṣe ọgbẹ́ sí ọpọlọ eku ní òsì, wọ́n wá fọwọ́ kan irùngbọ̀n rẹ̀ ní ọ̀tún, wọ́n sì ní ọpọlọ dáhùn “contralaterally”. Òdìkejì ọgbẹ́ ni, àbí òdìkejì irùngbọ̀n? Èkíní á gbé wa lọ sí ọ̀tún, èkejì á gbé wa lọ sí òsì. Òǹkọ̀wé tó bá mọṣẹ́ á fi “to” àti ohun tó fi ń wọ̀n ọ́n tẹ̀lé ọ̀rọ̀ náà kí ọ̀rọ̀ má bàa rú òǹkàwé lójú.

Ó tún ṣe é ṣe kí ẹ bá “contralaterally” níbi tí ẹ ti ń retí, kí ẹ má bá a. Ní 1929, James Kernohan àti Henry Woltman kọ̀wé nípa àwọn tí kókó ńlá hù ní ẹ̀gbẹ́ kan ọpọlọ wọn, àmọ́ tí àìlera wọn wà ní ẹ̀gbẹ́ kan náà. Kókó náà ti ìdí ọpọlọ títí ó fi há mọ́ etí líle kan ní òdìkejì, ibi tó há mọ́ yìí ló sì pa okùn lára kí okùn náà tó kọjá. Bí a bá ti kókó wọ̀n ọ́n, “ipsilaterally” ni. Bí a bá ti ibi tí okùn ti farapa wọ̀n ọ́n, “contralaterally” ni. Aláìsàn kan náà ni, ọwọ́ kan náà ni. Ibi tí a ti ń wọ̀n ọ́n nìkan ló yí padà.

Báwo ni ká ṣe túmọ̀ rẹ̀ sí Yorùbá?

Mo ti rí àwọn tó fẹ́ ká ṣẹ̀dá ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo fún un. N kò fara mọ́ ọn, mo sì ní ìdí méjì.

Ìdí kìíní ni pé “òdì” nìkan léwu. Nínú èdè wa, òdì máa ń gbé ẹ̀bi dání. Ẹni tó gba ọ̀rọ̀ lódì ṣì í gbọ́. Ẹni tó sọ̀rọ̀ òdì ti ṣẹ̀. Ìdí nìyí tí “lódìlódì” tí mo sọ fi mú àǹtí mi ronú kan ọ̀tá. “Kejì” tó wà nínú “òdìkejì” ló yọ ẹ̀bi kúrò, tó sì sọ ọ́ di ọ̀rọ̀ ibi tí nǹkan wà. Bí ẹ bá gé “kejì” kúrò kí ọ̀rọ̀ lè kúrú, ẹ ti dá ìjà sílẹ̀ nínú ilé aláìsàn.

Ìdí kejì ni pé “òdìkejì” fẹ́ràn ọ̀rọ̀ orúkọ lẹ́yìn rẹ̀: òdìkejì odò, òdìkejì títì. Bí a bá fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, etí Yorùbá á mọ̀ pé nǹkan kù. Ohun tí Gẹ̀ẹ́sì gbé pamọ́, Yorùbá ń bèèrè rẹ̀ lọ́wọ́ wa. Ẹ má jẹ́ kí a sọ ìwà rere yìí nù nítorí pé a fẹ́ ọ̀rọ̀ kúkurú. Ohun tí mo dábàá nìyí: “ní òdìkejì ibi tí ọpọlọ ti bàjẹ́”, “ní òdìkejì ọwọ́ tí wọ́n kàn”, “ní òdìkejì ibi tí okùn náà ti bẹ̀rẹ̀”. Fún “ipsilaterally”, “ní ẹ̀gbẹ́ kan náà pẹ̀lú” ibi tí a ti ń wọ̀n ọ́n. Ó gùn díẹ̀ lóòótọ́. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí yóò di ẹrù nítorí rẹ̀.

Bí ẹ bá sì ń bá ẹbí aláìsàn sọ̀rọ̀, ẹ dárúkọ ẹ̀gbẹ́ náà gan-an lẹ́yìn náà: “Òsì ọpọlọ ló bàjẹ́, nítorí náà ọwọ́ ọ̀tún, tó wà ní òdìkejì rẹ̀, ni kò ṣiṣẹ́.” Gbólóhùn kan péré ni. Ká ní mo sọ ọ́ lọ́jọ́ náà ni!

Ìdánrawò

Ẹ dáhùn kí ẹ tó wo ìsàlẹ̀. Ẹ̀gbẹ́ wo ni?

1. Wọ́n fi iná díẹ̀ kan èèpo ọpọlọ ní ọ̀tún níbi tó ń darí ọwọ́. Ọwọ́ mira “contralaterally”.

2. Cerebellum ẹnì kan bàjẹ́ ní òsì. Ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n “ipsilaterally” bó bá fẹ́ mú ife.

3. Wọ́n fi abẹ́rẹ́ kan ẹsẹ̀ ọ̀tún. Wọ́n wo ọpọlọ “contralaterally” sí ẹsẹ̀ náà.

4. Ọ̀bẹ gé ìdajì òsì ọ̀pá ẹ̀yìn. Ìrora sọnù “contralaterally”, agbára sọnù “ipsilaterally”.

Ìdáhùn: (1) ọwọ́ òsì. (2) Ọwọ́ òsì. (3) Ìlàjì òsì ọpọlọ. (4) Nísàlẹ̀ ibi tí wọ́n gé, ìrora kò sí ní ọ̀tún, agbára kò sí ní òsì. Ẹni tó bá gba ìkẹrin ti yege.

Bàbá mi ṣì wà láyé, ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run. Ọ̀pọ̀ oṣù ni oníṣẹ́ físíò fi bá ọwọ́ ọ̀tún wọn jà. Ní gbogbo ìgbà yẹn, ọwọ́ òsì ni wọ́n fi ń gba nǹkan lọ́wọ́ wa, tí wọ́n sì fi ń fún wa ní nǹkan. Ojú máa ń tì wọ́n, nítorí wọ́n ti kọ́ wa láti kékeré pé a kì í na òsì sí ènìyàn. Nígbà tí ọ̀rọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í padà sẹ́nu wọn, ọ̀kan nínú ohun tí wọ́n kọ́kọ́ ń sọ ni, “Má bínú, òsì ni.” Nígbà tí mo ń padà sí ilé ẹ̀kọ́ ní sáà tó kọjá, wọ́n fi ọwọ́ ọ̀tún na owó ọkọ̀ sí mi. Ó gbọ̀n díẹ̀, àmọ́ ó dé ọwọ́ mi. Mo dọ̀bálẹ̀, mo fi ọwọ́ méjèèjì gbà á.